Ẹnubodè Kẹtàlélọ́gọ́ta

Bí ẹ bá fẹ́ mọ bí ẹnu Samniang ṣe mú tó, ẹ lọ bi ajá rẹ̀. Ajá náà ti dẹ́kun gbígbó láti ọdún mẹ́ta sẹ́yìn. Kò rí àyè.

Obìnrin kúkúrú ni, ọmọ ọdún mọ́kànlélọ́gọ́ta, tó fi ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n se oúnjẹ fún àwọn ọmọ ilé-ìwé abúlé wọn ní Suphan Buri kó tó fẹ̀yìn tì. Kò sí ọmọ kan tó jẹ ìrẹsì rẹ̀ tí kò fi èébú jẹ ẹ́. "Ìwọ olórí kòkò, gba abọ́ méjì: ọ̀kan fún ikùn, ọ̀kan fún orí." Àwọn ọmọ á rẹ́rìn-ín títí ìrẹsì á fi gba ihò imú jáde, wọ́n á sì tún padà lọ́la láti wá gba èébú tiwọn. Bó bá pàdé rẹ lójú ọ̀nà tó ní, "O mà sanra o! Ṣé ẹfọ̀n lo gbé mì ni?", má ṣe bínú, ó fẹ́ràn rẹ nìyẹn. Ọjọ́ tó bá kí ọ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, tó béèrè àlàáfíà ara rẹ àti ti àwọn ará ilé, ọjọ́ yẹn ni kí o sá.

Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí tọmọdé tàgbà mọ̀ ọ́n mọ́ ni iṣẹ́ ẹnubodè. Bí ọkọ ìyàwó bá kó ẹbí rẹ̀ sẹ́yìn, tí wọ́n gbé igi ọ̀gẹ̀dẹ̀ tútù àti ìrèké, orí ẹlẹ́dẹ̀ àti àwo adùn aláwọ̀ wúrà, tí wọ́n ń jó bọ̀ sílé ìyàwó, àwọn ará ilé ìyàwó á na ẹ̀wọ̀n fàdákà dí ẹnu ọ̀nà àkọ́kọ́, wọ́n á na ẹ̀wọ̀n wúrà dí èkejì. Kò sẹ́ni tó ń fi agbára kọjá. Ẹnu ni wọ́n fi ń ṣí i. Àwọn onílé á ní àwọn ò rí ọkọ ìyàwó yìí rí láyé àwọn, àwọn ò ní ọmọbìnrin kankan nílé, kí àwọn àlejò yáa padà síbi tí wọ́n ti wá. Àwọn àlejò á ní ẹran àwọn kan ló já, ipa ẹsẹ̀ rẹ̀ ni àwọn tọ̀ débí. Wọ́n á máa jù ú síra wọn bẹ́ẹ̀ títí ẹ̀rín á fi tú ọwọ́ àwọn tó di ẹ̀wọ̀n mú. Ẹni tó bá bínú, ó ti pàdánù. Ẹni tó bá sọ òtítọ́, ó ti ba eré jẹ́.

Ẹnubodè méjìlélọ́gọ́ta ni Samniang ti ṣí láàárín ọgbọ̀n ọdún. Kò sí ọ̀kan tó gbà ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹkẹtàlélọ́gọ́ta ni ti Kop.

Kop, ìyẹn Àkèré, ni wọ́n ń pe ọmọkùnrin náà, nítorí pé ó ti fò jáde nínú ìyá rẹ̀ kí agbẹ̀bí tó fọ ọwọ́ tán. Àbúrò Samniang ni ìyá ọ̀hún. Ó kú nígbà tí ọmọ wà lọ́mọ ọdún mẹ́fà, Samniang ló sì gbà á tọ́. Nínú ilé tí ẹnu kan ti ń ṣe iṣẹ́ ẹnu mẹ́rin, Kop kò rí ìdí tó fi yẹ kí òun la tòun. Ó dàgbà di ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ tó máa ń fi orí dáhùn: á mì í síwájú fún bẹ́ẹ̀ ni, á mì í sẹ́gbẹ̀ẹ́ fún bẹ́ẹ̀ kọ́. Ní ilé-iṣẹ́ wáyà mọ́tò kan ní Ayutthaya ló ti pàdé Kung. Edé ni ìtumọ̀ orúkọ ìnagijẹ tiẹ̀. Ọjọ́ tí Kop mú un wálé, Samniang wò ó lókè wò ó nílẹ̀, ó ní, "Àkèré fẹ́ gbé edé níyàwó. Ẹ sáà bá mi gbé omi ọbẹ̀ kaná." Kung rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. Láti ọjọ́ náà ni Samniang ti fẹ́ràn rẹ̀ dé ibi pé ó ń pè é ní Ẹlẹ́sẹ̀-tín-ín-rín níwájú àlejò.

Ìṣòro ibẹ̀ ni bàbá àgbà Kung, Chaem, tí ìgbéyàwó máa wáyé nílé rẹ̀ ní abúlé kan ní Ang Thong. Ogójì ọdún ni Chaem fi na àsíá sí ọkọ̀ ojú irin, aago sì ti wọ inú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Wọ́n ní nígbà tí wọ́n bí àkọ́bí rẹ̀, kò béèrè bóyá akọ ni tàbí abo, "Aago mélòó ló dé?" ló béèrè. Kò sẹ́ni tó rí eyín rẹ̀ rí, àfi oníṣègùn eyín. Àlùfáà tẹ́ḿpìlì fún un ní àkókò ire: láti aago mẹ́sàn-án kọjá ìṣẹ́jú mẹ́sàn-án títí dé ìṣẹ́jú mọ́kàndínlógójì. Chaem ránṣẹ́ sí Samniang pé, "Bí ẹ bá pẹ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ, ẹ máa gbé orí ẹlẹ́dẹ̀ yín lọ."

Ọ̀rọ̀ náà kì í sì í ṣe ti ẹlẹ́dẹ̀. Sátidé yẹn ni ọjọ́ ire tó gbẹ̀yìn kí àwọn àlùfáà tó wọlé jókòó fún oṣù mẹ́ta òjò, kò sì sẹ́ni tó ń gbéyàwó nínú oṣù mẹ́ta náà. Kop, ní tiẹ̀, ti fọwọ́ sí ìwé iṣẹ́ ní Taiwan, ọdún mẹ́ta gbáko, ọjọ́ mẹ́wàá péré ló kù kó gbéra. Chaem ti là á mọ́lẹ̀ pé ọmọ-ọmọ òun kò ní jókòó ọdún mẹ́ta de ọkùnrin tí kò tíì gbé e. Nítorí náà, àárọ̀ yẹn ni, tàbí kó má sí mọ́.

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe kó sínú ọkọ̀ mẹ́ta ní ìdájí, tí wọ́n gbọ̀nà Ang Thong. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni Kop ti dé ilé Chaem rí, ìgbà ìkún omi sì ni. Ọkọ̀ ojú omi ni wọ́n fi gbé e dé ẹ̀yìnkùlé, òrùlé àti orí igi nìkan ló rí. Fóònù ń sọ pé àárín odò ni ilé náà wà. Ibi tí wọ́n ti dúró ní oríta tẹ́ḿpìlì, tí wọ́n ń bá fóònù jà, ni ọkùnrin kan tó fi òdòdó kọ́rùn ti ń fi àsíá pupa juwọ́ sí wọn. "Ìgbéyàwó? Ọ̀nà ibí, ọ̀nà ibí! Ẹ yára, wọ́n ti ń retí yín!"

Samniang na ọwọ́ síwájú bí ọ̀gágun. Wọ́n tẹ̀lé àsíá.

Àtíbàbà nìyẹn lóòótọ́, àga aláwọ̀ búlúù, igi ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí wọ́n so mọ́ ẹnu ọ̀nà. Aago mẹ́sàn-án kọjá ìṣẹ́jú mẹ́jọ. Onílù bẹ̀rẹ̀, àwọn ìyá arúgbó bọ́ sójú agbo, Samniang gbé àyà síwájú, ó sì kọrí sí ẹ̀wọ̀n fàdákà tí ọmọge méjì nà. Ìbátan ìyàwó ni wọ́n, Bangkok ni wọ́n ti dé ní àfẹ̀mọ́júmọ́, wọn kò rí ọkọ ìyàwó rí.

"Ẹ dúró níbẹ̀!" ni ọ̀kan wí. "Ta ni yín?"

"Àwa tí a ń ra ẹfọ̀n ni. Wọ́n ní ẹ ní abo kan tí kì í tulẹ̀, tó kàn ń jẹ koríko tó ń wo fóònù."

"A ò ní ẹfọ̀n níbí o, Àǹtí! Ọkọ ìyàwó yín dà? Ṣé eléyìí ni?" Ó wo Kop yíká. "Ó dà bíi pé wọn ò tíì parí ẹ̀."

"Ìyàwó ni a fi ìyókù sílẹ̀ fún."

Ẹ̀rín bú. Èkejì ní kí ọkọ ìyàwó pariwo orúkọ ìyàwó rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta, kí àwọn tó mọ̀ pé kì í ṣe ẹni tó ń bá ọ̀wọ́ kiri torí oúnjẹ. Kop pupa bí ata. Ó la ẹnu. "Kung!"

"Kung? Ta ló ń jẹ́ Kung? A ò ní edé nínú ilé wa, ẹ lọ sọ́jà!"

"Ẹ gbọ́ wọn!" Samniang ti ń gbádùn ara rẹ̀ débi pé ó fẹ́rẹ̀ẹ́ máa fò. "Ẹ̀yin ọmọ Bangkok, ṣé ẹ̀yin lẹ máa kọ́ ọkọ ní orúkọ tí yóò máa pe aya rẹ̀? Ẹ̀yin tí ẹnikẹ́ni ò tíì pè yín ní nǹkan kan!"

Èyí ló tú wọn lọ́wọ́. Ẹ̀wọ̀n fàdákà já bọ́, agbo wọlé. Kop fa apá aṣọ rẹ̀.

"Àǹtí."

"Ọkọ ìyàwó kò lẹ́nu lónìí."

"Àǹtí, igi máńgòrò kan wà ní..."

"Omi bo gbogbo ayé nígbà tí o débẹ̀, kí lo mọ̀ nípa igi? Rẹ́rìn-ín músẹ́. Wọ́n ń ya fọ́tò."

Wọn kò tíì rin ìgbésẹ̀ mẹ́wàá tí ọkùnrin kan fi já lu àárín agbo, àbúrò bàbá ìyàwó ilé náà, pẹ̀lú ṣíbí ìrẹsì lọ́wọ́. "Ẹ dúró! Ẹ dá ìlù dúró! Kì í ṣe ọkọ ìyàwó wa nìyí! Ẹ ti ṣìlé!"

Inú Samniang dùn dé ìsàlẹ̀ ikùn. Láti ìgbà tó ti ń ṣe iṣẹ́ yìí, kò tíì rí ẹni tó ṣe é dáadáa tó bẹ́ẹ̀, pẹ̀lú ṣíbí lọ́wọ́. "Ṣìlé kẹ̀, bàbá? Láti Suphan la ti ń ṣìlé bọ̀! Ilé méjìlélọ́gọ́ta la ti ṣì kó tó kan tiyín."

"Mo ń sọ òtítọ́ fún yín!"

"Òtítọ́ ni gbogbo wa ń sọ, bàbá. Èmi fúnra mi, ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni mí."

"Obìnrin yìí! Ṣé o ò gbọ́ ni?"

"Ó ti bínú! Ó ti bínú!" ni agbo kígbe. "Ó ti pàdánù!" Wọ́n gbé ìgò ọtí kan lé e lọ́wọ́ láti fi tù ú nínú, wọ́n jó kọjá lára rẹ̀. Samniang bojú wẹ̀yìn. Ọkùnrin náà dúró síbẹ̀, ìgò lọ́wọ́ kan, ṣíbí lọ́wọ́ kejì, ojú rẹ̀ kò sì bá ẹ̀fẹ̀ mu rárá. Ó ní nínú ara rẹ̀ pé, ẹ wo bí ẹ̀bùn ṣe pọ̀ tó ní Ang Thong.

Ìyá àgbà ilé náà fúnra rẹ̀, Prong, ló di ẹ̀wọ̀n wúrà mú ní ẹnubodè kejì, òun àti aládùúgbò kan. Irun rẹ̀ ṣì wà nínú rólà, wọn kò tíì tú u nígbà tí ìlù dé. Ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì, ó sì na ọrùn sí Kop bí adìyẹ tó rí kòkòrò tí kò dá mọ̀.

"Kì í ṣe eléyìí," ni Prong wí. "Tiwa ga ju báyìí lọ."

"Ó ga nígbà tí a kúrò nílé, Màmá. Ọ̀nà ló jìn, oòrùn yọ́ ọ."

"Tiwa ní irunmú."

"A fá a fún un, kó má bàa máa gún ọmọ yín."

"Tiwa, ọkọ̀ akẹ́rù ńlá ló ń wà."

"Ó wà níta. Ẹ sún mọ́ ibí kẹ́ ẹ wò ó."

Àwọn ènìyàn ti ń di igi mú. Prong pàápàá ń rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ó ń fi ìka kan ka nǹkan lọ́wọ́ kejì, bí ẹni tí ìṣirò kò bá dọ́gba. "Dúró ná," ló ní, "ṣé lóòótọ́ lẹ fá irunmú náà?" Ibi tó ti ń béèrè, ọwọ́ rẹ̀ dẹ̀. Samniang tẹ orí wọ abẹ́ ẹ̀wọ̀n, ẹ̀wọ̀n kọ́ ọ lọ́rùn, agbo tì í lẹ́yìn, wọ́n bá ara wọn nínú yàrá ńlá.

Ilẹ̀kùn inú ṣí. Ìyàwó jáde.

Ọmọbìnrin gíga, elérèké yíyípo, nínú aṣọ aláwọ̀ ewéko. Ó wo Kop. Kop wò ó. Kop pa ọwọ́ méjèèjì pọ̀ níwájú àyà, ó kí i bí ẹni kí olùkọ́.

"Ta nìyí?" ni ìyàwó bi àwọn ènìyàn.

Kì í ṣe Kung. Samniang rí i dájú pé kì í ṣe Kung. Ṣùgbọ́n ẹni tó ti fi ọgbọ̀n ọdún ṣeré, eré ló kọ́kọ́ ń rí. Ó pàtẹ́wọ́. "Ìyàwó awúrúju! Mo mọ ìyẹn! Ní ẹnubodè kọkànlélógún, ọkùnrin onírùngbọ̀n ni wọ́n wọ láṣọ jáde fún wa! Ó dáa, arẹwà, o gbìyànjú. Ẹ mú ojúlówó wá."

Ọmọbìnrin náà fi ọwọ́ bo ojú, ó sì bú sẹ́kún. "Màmá Prong! Ta ni obìnrin yìí?"

Ẹkún náà dára, Samniang fẹ́rẹ̀ẹ́ yìn ín. Lẹ́yìn náà ló rí omi ojú. Lẹ́yìn náà ló gbọ́ ìlù mìíràn níta, ìlù tí kì í ṣe tiwọn. Ó bojú wo ẹnu ọ̀nà. Ọkùnrin gíga gbọ̀ngbọ̀nràn kan dúró sábẹ́ àtíbàbà, ẹrẹ̀ dé orúnkún rẹ̀, irunmú rẹ̀ dúdú bí búrọ́ọ̀ṣì, ó ń bẹ àwọn ènìyàn pé ẹ má bínú, ọkọ̀ àwọn ló rì sínú ẹrẹ̀. Alásíá pupa ló ń tọ́ ọ sọ́nà. Ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni ọkùnrin oníṣíbí náà wà, tó ń fi ṣíbí ọ̀hún tọ́ka sí Samniang, bí ìgbà tí ẹlẹ́rìí ń tọ́ka sí ọ̀daràn.

Gbogbo ohun tí wọ́n ti sọ fún Samniang láti ẹnubodè àkọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í padà wá lọ́kọ̀ọ̀kan, kò sì mọ èwo nínú wọn ni ẹ̀fẹ̀, èwo ni kì í ṣe ẹ̀fẹ̀.

"Aago mélòó?" ló bi Kop.

Kop wo aago ara ògiri. "Mẹ́sàn-án kọjá ìṣẹ́jú mọ́kàndínlọ́gbọ̀n. Mo ti ń sọ ọ́ bọ̀, Àǹtí."

"Kí ló dé tí o ò pariwo?"

"Ẹ ní mi ò lẹ́nu."

Oníṣíbí ló fi ọ̀nà hàn wọ́n, kí wọ́n ṣáà lọ. Ilé Chaem ni ẹ̀kẹrin, lódìkejì odò kékeré, pátákó kan ni afárá rẹ̀. Ẹ wá wo eré! Orí ẹlẹ́dẹ̀ ń sáré, igi ọ̀gẹ̀dẹ̀ ń sáré, àwọn ìyá arúgbó ká yẹ̀rì wọn sókè wọ́n ń sáré. Onílù kò dá ìlù dúró, nítorí pé kò sẹ́ni tó ní kó dá a dúró. Ẹ̀gbọ́n bàbá Kop kan tí kò gbọ́ràn dáadáa kò mọ̀ pé wọ́n ti lọ. Ilé Prong ló jókòó sí, ó ń jẹ núdùlù tí wọ́n bù fún un, ó sì ń yìn wọ́n pé wọ́n mọ àlejò ṣe. Lórí pátákó ni etí ẹlẹ́dẹ̀ kan já bọ́ sínú omi.

Samniang dé ẹnubodè Chaem láìní èémí. Àwọn àbúrò Kung na ẹ̀wọ̀n, ojú wọn ti fún tẹ́lẹ̀ nítorí àkókò tó ń lọ, ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n rí i, wọ́n túra ká fún ìdùnnú. Wọ́n ti gbọ́ nípa rẹ̀. Láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni wọ́n ti ń pọ́n ẹnu wọn.

"Ta ni yín? A ò mọ̀ yín rí!"

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣí i," ni Samniang wí. "A ṣì wọ ilé ẹlòmíràn ni."

Àgbàlá bú sẹ́rìn-ín.

"Lóòótọ́ ni! Ìyàwó wọn ti jáde sí wa! A fẹ́rẹ̀ẹ́ gbé e!"

Ọmọkùnrin kan ti jókòó sílẹ̀, ó ń fọwọ́ lu ilẹ̀. "Àǹtí, ọ̀gá ni yín! Ẹ tún un sọ, mo fẹ́ ká a sílẹ̀!"

"Mi ò ṣeré!"

"Kò ṣeré! Ẹ gbọ́, ó ní òun ò ṣeré!"

Ọ̀bẹ kì í mú kó gbẹ́ èkù ara rẹ̀. Láyé Samniang, kò tíì sí ọjọ́ kan tó nílò kí wọ́n gbà á gbọ́. Ó gbìyànjú láti fún ojú pọ̀ bí àwọn tó ń sọ òtítọ́ ṣe máa ń ṣe, ojú náà sì tún pa wọ́n lẹ́rìn-ín ju ọ̀rọ̀ lọ. Ó gbé ohùn sílẹ̀, ó gbé e sókè, ó pa ọwọ́ pọ̀ bẹ̀ wọ́n. Wọ́n ní kó rọra, ikùn ń dùn wọ́n. Bó ti wà lẹ́nu èyí, ariwo sọ lẹ́yìn: "Olè! Ẹ bá mi mú un! Ẹ̀wọ̀n wúrà mi!" Prong nìyẹn lórí pátákó, láìwọ bàtà, rólà ń já bọ́ lórí rẹ̀ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Samniang fọwọ́ kan ọrùn. Ẹ̀wọ̀n ọ̀hún wà níbẹ̀.

Àwọn ọmọ ilé Chaem kò lè mí mọ́. Wọ́n ní ẹ wò ó, ó tún háyà ìyá àgbà mọ́ ọn! Ọwọ́ wọn tú. Ẹ̀wọ̀n fàdákà bọ́, tiwúrà bọ́ lẹ́yìn rẹ̀, àwọn àlejò rọ́ wọlé títí dé ẹnu àtẹ̀gùn.

Lórí àtẹ̀gùn ni Chaem jókòó sí. Aṣọ funfun, ẹ̀yìn gbọọrọ, aago onídígí ńlá ìgbà iṣẹ́ rẹ̀ lórí itan. Òun nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Kung wà lẹ́yìn rẹ̀ nínú ilẹ̀kùn, gbogbo àtíkè ojú rẹ̀ ti ya ipa omijé méjì.

"Mẹ́sàn-án kọjá ìṣẹ́jú mọ́kànlélógójì," ni Chaem wí.

Samniang la ẹnu. Kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Ó pa á dé, ó tún un là. Ẹnì kan lẹ́yìn ní, "Ẹ wò ó, ó ń ṣe ẹja!" ẹnì kan sì rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó dákẹ́. Samniang jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Nǹkan kan ń ṣàn lójú rẹ̀, kò mọ̀ bóyá òógùn ni. Fóònù ogójì ló wà nínú àgbàlá yẹn, òun ni gbogbo wọn sì ń yà ní fídíò. Kò wá sọ́kàn ẹnikẹ́ni láti fi wo aago.

Kop kúnlẹ̀. Ó gbé ìrèké sílẹ̀, ó tẹ orí dé ilẹ̀.

"Bàbá àgbà, a pẹ́," ló wí. "Ilé àwọn ẹlòmíràn la kọ́kọ́ wọ̀. Mo mọ̀ pé kì í ṣe ibẹ̀, mi ò pariwo tó. Ẹ̀bi mi ni, kì í ṣe ti Àǹtí. Mi ò ní lọ sí Taiwan mọ́. Màá dúró títí òjò á fi tán, kí n tún padà wá."

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kò gbọ́ ohùn rẹ̀ rí. Samniang fúnra rẹ̀ gbé orí sókè, ó ń wo ọmọ tó tọ́ fún ogún ọdún, bí ẹni pé òun ni wọ́n gbé jáde láti inú yàrá tí wọ́n sì ní, ta nìyí?

Chaem wo Kop títí. Ó wo Prong, tó ń fẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ tó bó. Ó wo ẹlẹ́dẹ̀ tí kò ní etí kan. Lẹ́yìn náà ló wo aago, ó fi èékánná lu dígí rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì.

"Aago yìí," ni Chaem wí, "ó ń fi ìṣẹ́jú mẹ́ta sáré."

Ó gbé aago náà kúrò lórí itan, ó dìde.

"Ó ku ìṣẹ́jú kan. Kí lẹ wá ń wò?"

Ẹ̀yin náà ẹ mọ bí ilé ṣe ń rí nígbà tí ìṣẹ́jú kan bá kù. Wọ́n wọ́ Kop gòkè, wọ́n ti Kung jókòó, òwú funfun tí wọ́n fi ń so tọkọtaya pọ̀ bọ́ sórí méjèèjì, ẹnì kan tẹ adùn mọ́lẹ̀. Samniang nìkan ló ṣì wà nílẹ̀. Ọgbọ̀n ọdún ló ti ń ka ojú ènìyàn: ojú tó fẹ́ rẹ́rìn-ín, ojú tó ń sá fún ẹ̀rín, ojú tó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ jùwọ́ sílẹ̀. Ó ka ojú Chaem. Ògiri ni. Aago tí ọkùnrin yìí fi rán ọkọ̀ ojú irin lọ fún ogójì ọdún, ó ń sáré?

Nígbà tí wọ́n ń bu omi ìre sọ́wọ́ tọkọtaya, ó rọra bi ìyàwó Chaem. "Màmá, ṣé aago Bàbá máa ń sáré lóòótọ́?"

"Aago wo?" ni ìyẹn wí, ó sì lọ wo ọbẹ̀.

Ó bi bàbá Kung bóyá Bàbá ń ṣeré ni. "Bàbá wa? Wọn kò ṣeré rí láyé wọn," ni bàbá Kung wí. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, aago ń sáré nìyẹn. Ọkàn Samniang balẹ̀. Ó gbé àwo ìrẹsì, ó jẹ ṣíbí mẹ́ta, ọkàn rẹ̀ tún fò sókè. Ó yọ́ lọ síbi tí aago wà lórí tábìlì, ó gbé fóònù rẹ̀ tì í. Wọ́n bára mu gẹ́lẹ́, ìṣẹ́jú sí ìṣẹ́jú.

Ó bá Chaem níbi tó ti ń mu tíì lábẹ́ igi máńgòrò. "Bàbá, aago yín bá fóònù mi mu."

"Mo ti tún un ṣe."

"Nígbà wo?"

"Nígbà tí ẹ ń sunkún."

"Èmi ò sunkún. Òógùn ni."

"Ó dáa," ni Chaem wí, ó sì bu ṣúgà sí tíì.

Kop lọ sí Taiwan lọ́jọ́ kẹwàá, ọkùnrin oníyàwó. Ọjọ́ Ìsinmi ni ó máa ń pe ilé, ó sì ti ń sọ tó gbólóhùn mẹ́rin lẹ́ẹ̀kan báyìí. Samniang dá ẹ̀wọ̀n wúrà Prong padà pẹ̀lú agbọ̀n adùn kan, Prong sì gbà á, ó sì ka ojú ẹ̀wọ̀n náà lọ́kọ̀ọ̀kan níwájú rẹ̀. Wọ́n ti di ọ̀rẹ́, wọ́n ń bú ara wọn lórí fóònù. Ẹnubodè kẹrìnlélọ́gọ́ta wá, Samniang lọ. Nígbà tí àwọn onílé ní ó ti ṣìlé, ó dá ìlù dúró, ó ní kí wọ́n mú ìwé ìpè ìgbéyàwó wá kí òun kà á. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí ẹ̀wọ̀n fi bọ́. Kò ṣeré. Bó bá pàdé ènìyàn lójú ọ̀nà báyìí tí onítọ̀hún ní, "Òjò máa rọ̀," á dúró wo onítọ̀hún lójú fún ìgbà pípẹ́. Ajá rẹ̀ ti tún ń gbó díẹ̀díẹ̀.

Nígbà tí òjò tán, tí àwọn àlùfáà jáde, ó gbé ẹja gbígbẹ lọ kí àwọn Chaem. Kò tíì bọ́ bàtà tán tí ojú rẹ̀ fi lọ sára aago lórí tábìlì. Ó yọ fóònù láti inú àpò, ó fi ẹ̀yìn pa á mọ́ kí ẹnikẹ́ni má rí i.

Aago náà ń fi ìṣẹ́jú mẹ́ta sáré.

Ó yí padà. Chaem jókòó sí ẹnu ọ̀nà, ó ń mu tíì, ó ń wo òpópónà bí ẹni ń retí ọkọ̀ ojú irin.

"Bàbá," ni Samniang wí.

"Ẹ ti sanra," ni Chaem wí, kò sì yíjú.